Káàdì Géèmù Bàbá Níní

Nígbà tí ṣọ́jà ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé ìjọba sílẹ̀, Fàsílátù ń tún géèmù ṣe ní Bàrígà. Bàbá Níní mú káàdì géèmù bọ́ọ̀lù kan wá, èyí tí géèmù máa ń tọ́jú ohun téèyàn bá ṣe nínú ẹ̀ sí. Ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù tí àwọn àti ìyàwó wọn olóògbé jọ kó jọ ló wà lórí ẹ̀, àmọ́ kò ṣí mọ́. Bàbá àti àwọn oníbàárà mìíràn jókòó, wọ́n ń dúró; Fàsílátù kánjú, ó ṣèèṣì pa gbogbo ẹ̀ rẹ́.

“Ó ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe kí ẹ tó mú un wá, sà,” ló wí.

Bàbá dúpẹ́, wọ́n lọ. Ọkàn Fàsílátù ò balẹ̀. Nígbà tó yá, ó wá wọn lọ sílé ní Abúlé Òkúta, ó kúnlẹ̀, ó jẹ́wọ́.

“Mo rí ọ nígbà tó o pa á rẹ́,” ni Bàbá wí. “Àwọn oníbàárà rẹ wà níjókòó, mi ò fẹ́ dójú tì ọ́.”

Wọ́n ní kó dìde, àmọ́ ìtìjú ò jẹ́ kó lè gbórí sókè.