Okùn Tí Bàbá Mi Fi Ń Wọn Ọ̀sà

Ajíhìnrere ìjọ aláṣọ funfun ni bàbá mi. Gbogbo àárọ̀ Sátidé ni a máa ń wọ ọkọ̀ létí omi ní Ọ̀jọ́, kí ó lè lọ wàásù ní àwọn abúlé òdìkejì ọ̀sà. Ṣùgbọ́n kó tó dé ọ̀dọ̀ ẹni tí yóò wàásù fún, omi ni yóò kọ́kọ́ bi léèrè bí ó ṣe jìn tó. Ó ní okùn kan tó so irin mọ́ nídìí. Ó ta kókó sí i. Láti kókó kan sí èkejì, ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀ kan ni. Ìkùukùu á bo ojú omi, ọkọ̀ á dà bí ohun tó ń fò. Bàbá á máa sọ okùn kalẹ̀, á máa ka kókó bí ẹni ń kọrin, èmi á máa kọ ọ́ sínú ìwé: kókó méje, ẹrẹ̀ dúdú, kókó mọ́kànlá, yanrìn. Bí mo bá dijú báyìí, mo ṣì ń gbọ́ ọ.

Ọ̀sẹ̀ tí a sin bàbá mi ni wọ́n ṣẹ̀ mí. Ẹ jẹ́ kí n tò ó. Àkọ́kọ́, àwọn àgbà ìjọ wọ yàrá rẹ̀ láìbi ẹnikẹ́ni. Èkejì, wọ́n gbé okùn náà lọ sí ìsìn, wọ́n ní okùn àdúrà ni, pé ọkàn tó gbà là ló fi kókó kọ̀ọ̀kan kà. Ẹ̀kẹta ni kò ṣeé tún ṣe: wọ́n gé e, wọ́n pín in fún ìjọ ní kókó kọ̀ọ̀kan. Èmi tí mo kàwé dé yunifásítì dúró níbẹ̀, mo ń ṣàlàyé pé omi ló fi ń wọ̀n. Alàgbà kan rọra dá mi lóhùn pé ìwé mi ti pọ̀ jù, Olúwa á bá mi dín in kù.

Ìwé wa kún fún kókó, ṣùgbọ́n ta ló tún mọ bí kókó kan ṣe gùn tó? Apá tó wọ̀n ọ́n ti wọlẹ̀. Bí n kò bá rí kókó méjì lórí okùn kan ṣoṣo, gbogbo Sátidé yẹn di àlá.

Mo wá a láti Òkokomáìkò dé ẹ̀yìn bárékè, ilé dé ilé. Kókó kan, kókó kan. Ní Ìbà, mo ro ẹjọ́ mi fún ìyá kan tó ń rán sùtánà fún ìjọ. Ó rẹ́rìn-ín.

“Ọmọ Bàbá, ìbejì ni mo bí. Ta ló máa gé tiwọn sí méjì?”

Ó fa ègé okùn oníkókó méjì yọ lábẹ́ ìrọ̀rí, ó bọ́ téèpù ọrùn rẹ̀ fún mi. Mo wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mẹta, mo kọ ọ́ sí ojú ewé àkọ́kọ́. N kò tíì dárí ji àwọn àgbà ìjọ. Lẹ́yìn náà mo na ìgbọ̀nwọ́ tèmi lé okùn náà. Ti Bàbá fi ìka méjì gùn ju tèmi lọ.