Bàbá Tó Gbé Pèrègún Lọ sí Kóòtù

Bí ẹ bá dárúkọ Bàbá Adéyẹyè ní Òkè-Ìyeyè, lẹ́yìn Èjìgbò, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n máa bi yín ni pé, "Ṣé bàbá tó gbé pèrègún lọ sí kóòtù?" Òun náà ni, kí Ọlọ́run tẹ́ ẹ sí afẹ́fẹ́ rere.

Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ló fà á. Pápá kan wà láàárín abúlé náà, ibi tí gbogbo ilé ti ń sá èlùbọ́, tí wọ́n ti ń sọ ọmọ lórúkọ, tí àwọn ọmọdé ti ń gbá bọ́ọ̀lù láìsan kọ́bọ̀. Àwọn tó tẹ ibẹ̀ dó ti gbin pèrègún sí ààlà rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà sọ ọ́ di tara rẹ̀. Àfi bí Táòfíkì, ọmọ ilé kan níbẹ̀, ṣe dìde lọ́jọ́ kan pé bàbá bàbá òun ló ni ín, òun sì fẹ́ tà á. Bàbá Adéyẹyè pè é lẹ́jọ́ ní kóòtù ìbílẹ̀ lórúkọ gbogbo abúlé. Wọ́n ní kó mú ẹlẹ́rìí wá, bẹ́ẹ̀ àwọn àgbà tó mọ ìdí ọ̀rọ̀ ti kú tán. Ó bá gbé ọkọ́, ó wú pèrègún tigbòǹgbò-tigbòǹgbò, ó fi aṣọ wé ìdí rẹ̀, ó sì gbé e wọ kẹ̀kẹ́ Márúwá.

"Bàbá, kí lèyí?" ni adájọ́ wí.

"Ẹlẹ́rìí mi ni, Olúwa mi. Ó dàgbà ju gbogbo àwa tá a wà níbí lọ. Ẹ jẹ́ kó búra."

"Ṣé igi máa ń sọ̀rọ̀ ni?"

"Kò sọ̀rọ̀ rí, Olúwa mi. Ìyẹn ni kò fi purọ́ rí."

Gbogbo kóòtù bú sẹ́rìn-ín, akọ̀wé fi fáìlì bojú. Ẹni tí kò rẹ́rìn-ín ni Tẹjúmọ́lá, ọmọbìnrin bàbá, tó jókòó lẹ́yìn, nítorí ó rí i tí lọ́yà Táòfíkì ń rọra dìde.

"Bàbá wa, ẹ̀yin lẹ wú u?"

"Ṣé ẹlòmíràn ló máa bá mi pe ẹlẹ́rìí mi ni?"

"Ẹ ṣeun, sà. Olúwa mi, kò sí ààlà mọ́ lórí ilẹ̀ yẹn o."

Tẹjúmọ́lá mọ èèwọ̀ náà. A kì í wú pèrègún ààlà. Bàbá rẹ̀ yìí kan náà ló kọ́ ọ bẹ́ẹ̀ láti kékeré.

"Bàbá, kí ló dé tí ẹ ò kàn gé ẹ̀ka kan?" ló bi í nígbà tó padà wá jókòó.

"Tí wọ́n bá pè ọ́ sí kóòtù, ṣé apá rẹ lo máa fi ránṣẹ́?"

Èyí tó wá burú jù ni pé nígbà tí adájọ́ sọ̀rọ̀ tán, ó ní àwọn ò tilẹ̀ láṣẹ láti gbọ́ ẹjọ́ náà. Ilẹ̀ ìgboro ni Òkè-Ìyeyè báyìí lójú òfin, kóòtù gíga ló ni irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀.

"Ẹ̀bìtì tí kò pa eku, kó f'ẹyìn f'ẹ́lẹ́yìn," ni bàbá wí. Ó gbé pèrègún rẹ̀, ó sì jáde. Nígbà tó délé, ojúlé dé ojúlé ló ń kí àwọn èèyàn kú oríire. Ó bá Rodiat, aládùúgbò wọn, níbi tó ti ń fa omi nínú kànga.

"Rodiat, a ti di ará ìgboro o!"

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀, bàbá?"

"Ìjọba ni. Máa rọra fa omi ẹ̀rọ rẹ."

Ní kóòtù gíga, obìnrin oníwà tútù kan ni adájọ́. Ó ní ọ̀rọ̀ àṣà ni ọ̀rọ̀ ilẹ̀ tí abúlé bá jọ ni, kí wọ́n padà sí kóòtù ìbílẹ̀.

Bàbá dìde. "Mà, wọ́n ní a kì í ṣe abúlé mọ́."

"Bàbá, ẹ jókòó."

"Níbo ni kí n jókòó sí, mà? Ní abúlé ni, àbí ní ìgboro?"

Wọ́n fi ẹ̀rín tì í jáde. Ṣùgbọ́n Tẹjúmọ́lá kò rí ẹ̀rín rín lọ́tẹ̀ yìí náà. Kí ni bàbá ń wá tó pọ̀ jù? Kí ẹnìkan tí òfin fún láṣẹ là á mọ́lẹ̀ pé gbogbo wọn ló ni pápá. Kò sì sí ẹni tó fẹ́ gbà pé òun ló láṣẹ náà.

Bàbá gba lọ́yà, wọ́n sì pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Bí fáìlì ṣe wà nílẹ̀ ni Táòfíkì ta ilẹ̀, ẹni tó rà á sì kó bíríkìlà wá. Bàbá gbé àga síwájú wọn láràárọ̀. "Ibẹ̀ yẹn la ti sọ Rodiat lórúkọ," ni yóò wí, "ẹ má da yẹ̀pẹ̀ síbẹ̀ jọ̀ọ́." Wọn á ní, "Ẹ má bínú, bàbá," wọn á ra piọ wọ́tà fún un, wọn á sì da yẹ̀pẹ̀ náà síbẹ̀. Ó ní nínú gbogbo ẹni tí òun ti bá sọ̀rọ̀ lórí ilẹ̀ yìí, àwọn nìkan ló fún òun lómi.

Ó kú kí ìdájọ́ tó dé. Níbi ìsìnkú rẹ̀, kò sí pápá tí wọn á to àga sí. Etí gọ́tà ni àwọn èèyàn jókòó sí, tí wọ́n ń sọ ìtàn pèrègún, tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín títí omijé fi dà. Tẹjúmọ́lá bá wọn rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà. Àárò bàbá ti ń sọ ọ́.

Nígbà tí ìdájọ́ dé, wọ́n ní kóòtù gíga láṣẹ láti ọjọ́ yìí wá, kí ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Ilé alájà méjì ti wà lórí pápá, ayálégbé ti ń sá aṣọ lókè. Ìléríolúwa, lọ́yà bàbá, pe Tẹjúmọ́lá jókòó.

"Àǹtí, bàbá ti lọ. Ẹ jẹ́ ká gbé ẹjọ́ náà kúrò ní kóòtù."

"Rárá. Ẹ fi orúkọ mi rọ́pò tiwọn."

"Tí a bá tiẹ̀ jàre, ẹ mọ̀ pé ó ṣòro kí wọ́n wó ilé yẹn?"

"Mo mọ̀."

"Kí lẹ wá ń wá, àǹtí mi?"

"Bàbá mi ò ní kí wọ́n wó ilé ẹnikẹ́ni. Kí ẹni tó láṣẹ ṣáà sọ ọ́ sókè pé gbogbo wa la ni ín, kí n lè lọ sọ fún bàbá níbi tí wọ́n sùn sí."