Àwòrán Bàbá Oníbodè Nínú Páálí Abọ́

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fara balẹ̀ kí n ròyìn ọjọ́ tí àyà mi já jù lọ ní Dubai. Àwọn ọdún 1990 ni. Bedspace, ìyẹn bẹ́ẹ̀dì kan nínú yàrá àjùmọ̀gbé, ni mo ń gbé ní Al Muteena, mò ń ra ọjà ní Deira, mò ń kó o ránṣẹ́ sí Èkó.

Ẹ mọ̀ pé ọ̀rọ̀ àwọn òṣèré àtijọ́ kì í tán lẹ́nu mi. Kì í ṣe àwọn ọ̀gá tí orúkọ wọn wà lára pósítà o! Àwọn tó ń dúró lẹ́yìn wọn ni tèmi. Nítorí náà, nígbà tí mo gbọ́ pé Bàbá Oníbodè wá kí ọmọ wọn obìnrin ní Sharjah, ṣé mo tilẹ̀ jẹun kí n tó wọ taxi?

Láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950 ni Bàbá ti bá ẹgbẹ́ tíátà alárìnkiri kan káàkiri. Ọdún mẹ́rìndínlógún gbáko! Ipa kan ṣoṣo ni wọ́n ń ṣe: ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ààfin. Mo ti kọ ọ́ sínú ìwé tí mo fi ń ṣàkọsílẹ̀ àwọn òṣèré pé wọn ò sọ̀rọ̀ rí lórí ìtàgé. Bàbá rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní irọ́ ni, àwọn sọ gbólóhùn kan rí, àwòrán rẹ̀ sì wà. Wọ́n yá mi ní álíbọ́ọ̀mù wọn, àwòrán mọ́kànlá, kí n lọ ṣe fótókọ́pì. Ọ̀túnla ni wọ́n ń padà sílé. Kò sí ẹ̀dà míì níbì kankan!

Lọ́jọ́ kejì, mo fi álíbọ́ọ̀mù sórí bẹ́ẹ̀dì, mo kọ́kọ́ lọ yẹ ẹ̀rọ kọ́pì kan wò ní Al Muraqqabat, torí mi ò fẹ́ èyí tó máa dúdú. Mo padà dé, orí bẹ́ẹ̀dì ṣófo.

Mo bi Múfú tí a jọ wà ní yàrá.

“Ìwé líle inú náílọ̀n yẹn? Mo ti fi dí ẹ̀gbẹ́ páálí abọ́ mi. Àbí o fẹ́ kí abọ́ mi fọ́ ni?”

Yéè! Ẹ̀yin oníṣòwò mọ̀ pé a kì í jẹ́ kí àyè ṣófo nínú páálí. Ìbọ̀sẹ̀ ni o, tówẹ́lì ni o, ohun tọ́wọ́ bá ti bà la fi ń dí i. Àwọn cargo tó ń kó ẹrù wa lọ sí Èkó sì ti gbé e lọ sí ilé ẹrù wọn ní Al Quoz. Ìrọ̀lẹ́ yẹn gan-an ni wọ́n máa ti kọ̀nténà.

Mo tẹ Bàbá láago, mo jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀. Wọn ò bú mi. Wọ́n kàn ní ká wá gbé àwọn.

Nínú taxi, Múfú ń bẹ̀bẹ̀ pé òun rò pé ìwé lásán ni.

“Ó ṣáà gba abọ́ rẹ là,” ni Bàbá wí.

Nígbà tí a dé Al Quoz, kọ̀nténà ti kún dé ẹnu. Mò ń wo máàkì pupa lára páálí Múfú ní ìlà kejì! Ọ̀gá ilé ẹrù, ará Pakistan kan, di ilẹ̀kùn mú. “Khalas!” Ó ní ó ti parí, ọkọ̀ ń dúró, òun ò ní tú ẹrù kankan. Mo bẹ̀ ẹ́ títí, Múfú bẹ̀ ẹ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ti ilẹ̀kùn.

Ni Bàbá bá rìn kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Wọ́n dúró sáàárín ilẹ̀kùn méjèèjì, wọ́n na apá, wọ́n gbé àyà sókè. Ẹni ọdún méjìdínláàádọ́rin! Wọ́n ké:

“Ẹnikẹ́ni kì yóò ti ilẹ̀kùn yìí níṣojú mi!”

Ọkùnrin náà ò gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ta ló máa ti ilẹ̀kùn lu arúgbó? Bàbá ò mira. Mo wo aago mi: ìṣẹ́jú mẹ́rin! Níkẹyìn, ọkùnrin náà mi orí.

“Baba, OK. One carton. Only one!”

Abọ́ méjì fọ́ níbi tí Múfú ti ń kánjú tú páálí. Ó tọ́ sí i! Álíbọ́ọ̀mù jáde, kò sí ohun tó ṣe é.

Bàbá ṣí i sí àwòrán kẹsàn-án, wọ́n nà án sí mi. Ọ̀dọ́mọkùnrin ẹ̀ṣọ́ kan ló dúró lẹ́nu ọ̀nà ààfin, ó na apá, ó gbé àyà sókè, ó la ẹnu gbàgà. Wọ́n ní ẹni tó ń ṣe ọba ló gbàgbé ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ́jọ́ náà, ibi gbogbo pa lọ́lọ́, ni àwọn bá sọ èyí tó wá sẹ́nu. Ọ̀gá ẹgbẹ́ bú wọn, kò sì jẹ́ kí wọ́n sọ̀rọ̀ mọ́.

“Ó ti pẹ́ tí mo ti ń retí ibi tí màá ti tún un sọ,” ni wọ́n wí.

Mo pa ohun tí mo kọ sínú ìwé mi rẹ́ lálẹ́ ọjọ́ náà. Láti ìgbà yẹn, bí ẹnikẹ́ni bá yá mi ní nǹkan, kì í kúrò lábẹ́ apá mi. Mi ò sì jẹ́ sọ mọ́ pé ẹnì kan ò sọ̀rọ̀ rí, àfi tí mo bá ti bi òun fúnra rẹ̀. Ẹ̀yin ńkọ́? Ta ló dúró lẹ́nu ọ̀nà nínú ìdílé tiyín? Ṣé ẹ ti bi í ní ohun tó sọ? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ kí gbogbo wa kà á.