Fíìmù Lórí Bẹ́ǹṣì Ọ̀gá Ilé Ìwé

Àbúrò bàbá mi obìnrin, tí a ń pè ní Màmá Ìsàlẹ̀ Ọ̀yọ́, kì í wo fíìmù ìfẹ́. Àfi ti ẹni tí wọ́n rẹ́ jẹ, tó ń lépa ìdájọ́ òdodo láìsinmi. Á máa rẹ́rìn-ín, á ní, “Ẹni tí àárẹ̀ bá kọ́kọ́ mú ló jẹ̀bi.”

Ilé ìwé kan ní Ògbómọ̀ṣọ́ lé ọmọ-ọmọ rẹ̀ pé ó jí ìwé wò nínú ìdánwò. Ọmọ náà sunkún pé irọ́ ni, Màmá sì gbà á gbọ́. Gbogbo Mọ́ńdè ló ń wọkọ̀ wá bá èmi àti ọmọ náà, tó ń gbé lọ́dọ̀ mi ní àdúgbò Under G, a ó sì jọ lọ sí ilé ìwé náà. Á kí ọ̀gá ilé ìwé, á jókòó sórí bẹ́ǹṣì ọ́fíìsì, á tan fíìmù lórí fóònù, ariwo agbẹjọ́rò á gba gbogbo ibẹ̀. Ojú ń tì mí.

Ní Mọ́ńdè karùn-ún, ọ̀gá fi bírò sílẹ̀. “Ìyá, ṣé wọ́n ti mú ọkùnrin burúkú yẹn?”

“Wọn ò tíì mú un, sà. Adájọ́ ò tíì wo ẹ̀rí ni. Ẹ̀yin náà, ẹ bá mi wo ti ọmọ mi.”

Ọ̀gá rẹ́rìn-ín, ó ní kí wọ́n gbé ìwé ìdánwò náà wá. Ó fi wé bébà tí wọ́n bá lábẹ́ àga ọmọ náà. Ọwọ́ ìkọ̀wé ẹlòmíràn ló wà lórí bébà náà. Ó bẹ Màmá, ó ní kí ọmọ padà sí kíláàsì.

Mo ní ká máa lọ. Màmá dúró lójú fèrèsé kíláàsì títí ọmọ náà fi nawọ́ láti dáhùn ìbéèrè tíṣà.