Bí A Ṣe Túfọ̀ Ẹgbẹ́ Bọ́ọ̀lù fún Bàbá Ọkọ Mi

Ẹgbẹ́ mìíràn ló ń gbá bọ́ọ̀lù báyìí ní pápá tó wà létí omi, nítòsí ibi tí fẹ́rì ti ń gbéra lọ sí Manhattan. Wọ́n ní orúkọ tuntun, wọ́n ní aṣọ tuntun, àwọn èèyàn sì ń rọ́ lọ wò wọ́n. Inú mi dùn fún wọn. Ṣùgbọ́n ẹ má bi mí léèrè nípa tiwọn, mi ò mọ̀ wọ́n. Èyí tó wà níbẹ̀ kí wọ́n tó dé, èyí tó kú, òun ni mo mọ̀, torí òun ló bá mi tọ́jú bàbá ọkọ mi.

Lẹ́yìn tí a sin ìyá ọkọ mi nílé ni ọkọ mi lọ mú bàbá rẹ̀ wá sọ́dọ̀ wa ní Stapleton, ní Amẹ́ríkà níbí. Ọ̀gá ilé ìwé ni Bàbá kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì, alàgbà ni wọ́n sì jẹ́ nínú ìjọ Áńgílíkà, ẹni tí gbogbo àdúgbò ń dọ̀bálẹ̀ fún. Ní Stapleton, kò sẹ́ni tó mọ̀ wọ́n. Ọkọ mi á ti jáde kí ilẹ̀ tó mọ́, èmi náà á ti lọ sílé àwọn arúgbó tí mò ń tọ́jú, ọmọbìnrin wa á wà ní kọ́lẹ́ẹ̀jì. Bàbá á jókòó ti fèrèsé. Oúnjẹ tí mo bá sè, wọ́n á tọ́ ọ wò, wọ́n á dé e padà. Wọ́n rù débi pé bẹ́líìtì ò mú ṣòkòtò wọn dúró mọ́. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ wọn ń ru, àyà wọn ò sì lágbára, kí a má ṣe jẹ́ kí ohunkóhun já lù wọ́n. Ẹ̀rù bà mí gidigidi. Èmi tí wọ́n ń sanwó fún láti tọ́jú bàbá ẹlòmíràn, kí bàbá tèmi wá kú sí mi lọ́wọ́?

Lọ́jọ́ kan tí mi ò ṣiṣẹ́, mo fà wọ́n jáde pé ká lọ gba atẹ́gùn létí omi. La bá gbọ́ ariwo láti inú pápá. Wọ́n béèrè pé kí ló ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀, mo ní bésíbọ́ọ̀lù ni, bọ́ọ̀lù tí àwọn ará Amẹ́ríkà ń fi igi gbá, tí kì í tán bọ̀rọ̀. Wọ́n ní ká wọlé. Mo rò pé wọ́n á wò ó díẹ̀, ó máa sú wọn. A jókòó títí wọ́n fi gbá a tán, ebi ń pa mí, orí ń fọ́ mi, Bàbá ò sì mira.

Ọkùnrin tó ń já tíkẹ́ẹ̀tì ló ṣàlàyé fún wọn pé àwọn ọmọ wọ̀nyí ò tíì dé ibi tí wọ́n ń lọ. Ẹgbẹ́ ńlá kan ló ń tọ́ wọn. Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n gbá, wọ́n á mú un kúrò níbẹ̀ lọ sí ẹgbẹ́ tó ga díẹ̀ sí i, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí á fi dé òkè. Ọ̀pọ̀ wọn ò sì ní dé ibẹ̀ láéláé. Mo túmọ̀ èyí tí kò yé Bàbá nínú Òyìnbó tó ń sọ. Wọ́n ronú sí i, wọ́n ní, "Ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ nìyí." Ọ̀rọ̀ parí. Láti ọjọ́ náà, Bàbá tún ti ní ilé ìwé.

Nígbà ooru, wọn kì í pa ọjọ́ kan jẹ. Wọ́n á dé fìlà ẹgbẹ́ náà, wọ́n á wọ súwẹ́tà sí i nínú oòrùn, wọ́n á wọ bọ́ọ̀sì lọ. Àwọn òṣìṣẹ́ ẹnu ọ̀nà mọ̀ wọ́n, àwọn tó ń jókòó nítòsí wọn máa ń gba àyè sílẹ̀ dè wọ́n. Tí wọ́n bá dé, wọ́n á jẹ ẹ̀bà dáadáa, wọ́n á máa ròyìn ọmọ tó ní làákàyè àti ọmọ tí kò fọkàn síṣẹ́. Ọ̀kan wà tó jẹ́ ọlọ́wọ́ òsì, Bàbá fẹ́ràn rẹ̀ ju gbogbo wọn lọ. Nígbà tí wọ́n mú ìyẹn lọ sókè, Bàbá jáde ìdúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Fíkà bi wọ́n pé èwo nínú àwọn ọmọ wọn ló gba ìgbéga. Wọ́n ní, "Ọlọ́wọ́ òsì ni." Gbogbo ìjọ bú sẹ́rìn-ín. Bàbá ò rẹ́rìn-ín ní tiwọn, wọ́n jó dé iwájú pẹpẹ.

Ni kòrónà bá dé, wọ́n ti pápá pa. Ìyẹn yé Bàbá, torí ṣọ́ọ̀ṣì pàápàá, orí fóònù la ti ń ṣe é. Ṣùgbọ́n kí ọdún náà tó parí ni ọkọ mi ka ìròyìn pé ẹgbẹ́ ńlá ti jáwọ́ nínú àwọn ọmọ náà, àwọn tó ni ẹgbẹ́ kékeré sì ti kógbá sílé. Ẹgbẹ́ náà ò sí mọ́. Èmi àti ọkọ mi wo ara wa nínú kíṣíìnì, Bàbá ń kọrin lọ́wọ́ ní bálùwẹ̀.

Mo ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ fún wọn. A kì í já ọ̀rọ̀ ikú lu àgbàlagbà níbi tí wọ́n ti bí mi. Wọ́n á kọ́kọ́ ní ara onítọ̀hún ò yá. Tó bá yá, wọ́n á ní ọ̀rọ̀ náà ti di ti àdúrà. Díẹ̀díẹ̀ ni ọkàn fi ń gbà á. Nítorí náà, tí Bàbá bá bi mí pé ìgbà wo ni wọ́n máa bẹ̀rẹ̀, màá ní àrùn ò tíì lọ. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀, mo ní mo gbọ́ pé nǹkan ò rọgbọ fún ẹgbẹ́ yẹn o. Ọmọbìnrin wa, tí wọ́n bí síbí, sọ fún mi pé, "Mummy, irọ́ lẹ ń pa fún Grandpa. Ẹ kàn sọ fún wọn." Mo ní kó lọ fọ abọ́. Àwọn ọmọ yìí rò pé òótọ́ kì í pààyàn.

Ooru tún ń bọ̀, Bàbá gbé fìlà síta, wọ́n ń sá a. A ò lè fi pamọ́ mọ́. Ọkọ mi ní ká ṣe é bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Ó pe Fíkà, ó pe alàgbà ìjọ méjì, ó ní kí wọ́n wá láàárọ̀ Sátidé. Mo dìde ní kùtùkùtù, mo se oúnjẹ, mo wé gèlè dúdú mọ́rí. Kí n má purọ́, orí mi wú. Mo ní a ṣì mọ ìwà hù nílẹ̀ àjèjì.

A gbàgbé ẹni tí à ń túfọ̀ fún. Nílé lọ́hùn-ún, Bàbá gan-an ni wọ́n máa ń rán tí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀. Àìmọye ilé ni wọ́n ti wọ̀ láàárọ̀ bẹ́ẹ̀, àwọn àti àlùfáà. Wọ́n jáde láti yàrá, wọ́n rí ọkùnrin mẹ́ta tó jókòó tò, wọ́n rí ọmọ wọn tó tẹjú mọ́lẹ̀, wọ́n rí gèlè mi. Wọ́n di férémù ilẹ̀kùn mú. Mo gbé omi fún wọn, wọn ò gbà á. Fíkà bẹ̀rẹ̀, "Bàbá, ẹ̀yin náà ṣáà mọ̀ pé ilé ayé yìí..." Bàbá gbọ́wọ́ sókè.

"Èwo nínú àwọn ọmọ mi ni?"

Kò sẹ́ni tó dáhùn, torí a ò retí ìbéèrè yẹn rárá. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa wọ́n. Wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ọkọ mi sáré dì wọ́n mú, ó ní, "Bàbá, kò sí ọmọ tó kú. Ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù yín ni. Wọ́n ti tú u ká."

Bàbá tí wọ́n ti fi irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ pamọ́ fún ọ̀pọ̀ èèyàn nílé, ta ni wọ́n máa gbà gbọ́? Bàbá ní, "Ẹ pè wọ́n fún mi." A pe àkọ́bí ní Ìbàdàn, ó gbé e. A pe èyí tó wà ní Èkó, ó gbé e. A pe ọmọbìnrin wọn ní Abẹ́òkúta, fóònù ń dún, kò gbé e. A tún pè é. Bàbá di ọrùn ọwọ́ mi mú. Mo gbàdúrà tí mi ò gbà rí láyé mi. Ìgbà tó yá ló pè padà, ó ní òun ń wẹ ọmọ lọ́wọ́ ni.

Bàbá ní, "Ṣé ìwọ ni?"

"Èmi ni, Bàbá. Kí ló dé?"

Wọ́n dá fóònù padà fún mi. Fíkà ní, "Ẹ jẹ́ ká dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run," ó dá orin, gbogbo wa gbè é, Bàbá náà gbè é. A jẹun. Ọ̀kan nínú àwọn alàgbà ní bọ́ọ̀lù lásán la kúkú fi dẹ́rù ba bàbá àgbà. La bá ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tèmi ló sì pọ̀ jù. Nígbà tí wọ́n lọ tán, ọkọ mi ní ó bọ́ sí i.

Kò bọ́ sí i. Bàbá padà sídìí fèrèsé. Wọ́n ń kí wa bó ṣe yẹ, wọ́n ń dáhùn tí a bá pè wọ́n, ṣùgbọ́n wọ́n tún ti ń dé oúnjẹ padà. Mo fara dà á títí. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo ṣí abọ́, mo rí ẹ̀bà bí mo ṣe gbé e sílẹ̀, inú bí mi. Mo ní, "Bàbá, tí ẹ bá ń bínú sí wa, ẹ bú wa. Ẹ má febi pa ara yín sí mi lọ́rùn."

Wọ́n ní, "Mi ò bínú, ìyàwó mi. Kí Fíkà tó lanu lọ́jọ́ yẹn, mo ti sin ọ̀kan nínú àwọn ọmọ mi lọ́kàn. Lẹ́yìn náà mo gbọ́ ohùn gbogbo wọn, mo sì dúpẹ́. Ẹni tó dúpẹ́ báyẹn, ojú wo ló máa fi sunkún nítorí bọ́ọ̀lù?" Wọ́n kọjú sí fèrèsé. "Ṣùgbọ́n ẹkún wà nínú mi. Ẹ ò fún mi láyè láti sun ún."

Mo gbé abọ́ sílẹ̀, mo kúnlẹ̀ níwájú wọn.

"Bàbá, ẹ kú àfẹ́kù. Ẹ kú ìrọ́jú o."

Wọ́n gbé ọwọ́ lé mi lórí.

"O ṣé," wọ́n ní. "Ìwọ lẹni àkọ́kọ́ tó kí mi."

Wọ́n wá bú sẹ́kún.